Bí Àdúgbò Ṣe Lè Wọ́de Nítorí Ilé Tí Wọ́n Fẹ́ Wó: Ìtọ́sọ́nà fún Àwọn Ará Ìkòròdú

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, àwọn òṣìṣẹ́ mẹ́ta gbé ike ọ̀dà pupa wá sí àdúgbò wa létí ọ̀sà ní Ìkòròdú, wọ́n fa àmì sára ògiri ilé mọ́kàndínlógún, wọ́n lẹ ìwé mọ́ ilẹ̀kùn díẹ̀ nínú wọn, wọ́n sì bá tiwọn lọ. Kí ilẹ̀ tó ṣú, àwọn ọ̀dọ́ ti ń kó táyà jọ láti sun ún lójú títì. Àwọn àgbà ló dá wọn dúró. Kì í ṣe pé ìbínú àwọn ọmọ náà kò tọ́, ṣùgbọ́n kò sí ẹnì kan nínú wa lálẹ́ ọjọ́ náà tí ó lè sọ iye ènìyàn tí ń gbé nínú ilé mọ́kàndínlógún wọ̀nyẹn, tàbí ẹni tí ó fọwọ́ sí ìwé tí wọ́n lẹ̀. Ohun tí a kọ́ láàárín oṣù mẹ́rin tí ó tẹ̀ lé e ni mo kọ síbí fún àdúgbò mìíràn tí ọ̀dà pupa bá dé bá, ní Májídún ni o, ní Báyékù, ní Ìbẹ̀ṣè tàbí ní Ìpakodò. Mo gbà tọkàntọkàn pé ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde: ìwọ́de tí kò ní ìwé lẹ́yìn, tí kò sì ka gbogbo ẹni tí ń gbé àdúgbò mọ́ ara rẹ̀, ariwo ọjọ́ kan ni.

Ẹ kọ́kọ́ ka ìwé tí wọ́n lẹ̀

Ìwé tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ ilẹ̀kùn kì í ṣe oríṣi kan ṣoṣo. Ó lè jẹ́ ìkìlọ̀ pé wọ́n kọ́ ilé náà láìgba àṣẹ, ó lè jẹ́ àṣẹ pé kí iṣẹ́ ilé dúró, ó lè jẹ́ ìfilọ̀ pé wọn yóò wó o, ó sì lè jẹ́ ìwé pé ìjọba ti gba ilẹ̀ náà fún àǹfààní ará ìlú. Ilé-iṣẹ́ LASBCA ni ó ń bójú tó bí a ṣe ń kọ́lé ní Ìpínlẹ̀ Èkó, ilé-iṣẹ́ LASPPPA sì ni ó ń fúnni ní àṣẹ ìkọ́lé, nítorí náà ọ̀dọ̀ wọn ni a ti ń béèrè ọ̀rọ̀ àṣẹ ìkọ́lé. Bí ó bá jẹ́ pé ìjọba fẹ́ gba ilẹ̀, Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti ọdún 1978 sọ pé a gbọ́dọ̀ fi ìwé tó ẹni tí ó ni ilẹ̀ létí, kí a sì san owó ohun tí ó ti kọ́ tàbí tí ó ti gbìn sórí rẹ̀. Abala 44 nínú ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti ọdún 1999 tún sọ pé a kò gbọdọ̀ fi ipá gba dúkìá ẹnikẹ́ni láìsan owó àsandípò ní kíákíá, àti láìjẹ́ kí ó lè lọ sí kóòtù lórí iye tí ó tọ́ sí i.

Ẹ wo ọjọ́ tí ó wà lórí ìwé náà, orúkọ àti ipò ẹni tí ó fọwọ́ sí i, àti ìdí tí wọ́n kọ sílẹ̀: ṣé ojú kánàálì ni, ṣé abẹ́ wáyà iná ńlá ni, àbí ojú ọ̀nà? Ẹ ya fọ́tò rẹ̀ nígbà tí ó ṣì wà lára ilẹ̀kùn, kí ọjọ́ àti wákàtí wà nínú fóònù, kí ẹ tó já a. Bí wọ́n bá fa ọ̀dà láìfi ìwé kankan sílẹ̀, ẹ ya ògiri náà, nítorí pé àìfìwé-sílẹ̀ fúnra rẹ̀ jẹ́ ẹ̀rí.

Ẹ sọ òtítọ́ fún ara yín níbí. Nínú ilé mọ́kàndínlógún tiwa, méjì jókòó sí ojú ibi tí àgbàrá ń gbà wọ ọ̀sà, gbogbo wa sì mọ̀ ọ́n. A kọ ọ́ sínú ìwé wa pé àwọn méjì yẹn yẹ kí ó kúrò, ṣùgbọ́n kí ìjọba fi ibòmíràn hàn wọ́n kí wọ́n tó wó o. Ọjọ́ tí a sọ bẹ́ẹ̀ ni àwọn tí ó wà ní ọ́fíìsì kọ́kọ́ fetí sílẹ̀ sí wa lórí mẹ́tàdínlógún tí ó kù.

Ẹ ka ara yín kí ẹlòmíràn tó kà yín

Ẹ ra ìwé ńlá kan tí ó ní páálí líle. Ẹ yan ẹni mẹ́rin tí ọwọ́ ìkọ̀wé wọn dára, ó kéré tán kí méjì nínú wọn jẹ́ obìnrin, kí wọ́n sì wọ ilé kọ̀ọ̀kan. Kí wọ́n kọ nọ́ńbà ilé, orúkọ olórí ìdílé kọ̀ọ̀kan, iye àgbà àti iye ọmọ, ọdún tí wọ́n ti ń gbé ibẹ̀, iṣẹ́ tí wọ́n ń ṣe, bóyá onílé ni wọ́n tàbí ayálégbé, àti ìwé tí wọ́n ní lọ́wọ́: rìsíìtì ilẹ̀, sọ́fè, ìwé owó iná, ìwé kánsù, rìsíìtì owó ilé. Ẹ kọ orúkọ aláboyún, arúgbó tí kò lè dá rìn àti aláìsàn sí ojú ìwé tiwọn, nítorí pé àwọn ni a óò kọ́kọ́ gbé jáde bí kátápílà bá dé lójijì.

Ìdí tí mo fi tẹnu mọ́ èyí ni pé nígbà tí ọ̀rọ̀ bá dé iwájú aláṣẹ, àwọn onílé nìkan ni wọ́n sábà máa ń rí. Ayálégbé tí ó ti san owó ọdún méjì, obìnrin tí ń yan ẹja lẹ́yìn ilé, ọmọ ìkọ́ṣẹ́ tí ń sùn sínú ṣọ́ọ̀bù, gbogbo wọn a pòórá nínú ìṣirò. Ní Máróko, nígbà ìjọba ológun, ọjọ́ méje péré ni wọ́n fi ṣe ìfilọ̀ kí kátápílà tó wọlé ní ọjọ́ 14 oṣù Keje ọdún 1990, nǹkan bí ènìyàn 300,000 ni ó sì di aláìnílé. Ní Ọ̀tọ̀dó Gbàmẹ̀, ní ìhà Lẹ́kí, ó lé ní 30,000 ènìyàn tí wọ́n lé kúrò létí omi láàárín oṣù Kọkànlá ọdún 2016 sí oṣù Kẹrin ọdún 2017. Àwọn yẹn kọ orúkọ ara wọn, wọ́n wọ́de lọ sí Aláúsá, wọ́n sì gba ilé-ẹjọ́ lọ lẹ́ẹ̀kan náà. Ní ọjọ́ 21 oṣù Kẹfà ọdún 2017, Adájọ́ Adéníyì Onígbànjo ti Ilé-ẹjọ́ Gíga Èkó dá a pé lílé ènìyàn kúrò nílé láìpèsè ibòmíràn fún un jẹ́ ìwà ìkà àti ìtàbùkù tí abala 34 nínú ìwé òfin kọ̀, ó sì pàṣẹ pé kí ìjọba bá wọn jókòó lórí ibi tí wọn yóò gbé. Ìdájọ́ náà kò dá ilé wọn padà, ó sì dùn mí láti kọ ọ́. Ṣùgbọ́n ó ti wà nínú ìwé kóòtù báyìí, lọ́yà yín sì lè fi ọwọ́ tọ́ka sí i níwájú adájọ́ mìíràn.

Ní alẹ́ tí a bẹ̀rẹ̀ ìkànìyàn tiwa, ẹnì kan dìde pé kí a yọ àwọn àjèjì kúrò, kí ìjọba má baà sọ pé àdúgbò wa kún fún àwọn tí a kò mọ̀. Àwọn tí ó ń sọ nípa wọn ni ìdílé Ègùn tí ń sá ẹja, obìnrin kan tí ogun lé kúrò ní ìlú rẹ̀ ní ìhà Àríwá Ìlà-oòrùn pẹ̀lú ọmọ mẹ́ta, àti tọkọtaya kan tí wọ́n sá wá láti orílẹ̀-èdè mìíràn, tí wọ́n sì ní káàdì ogúnléndé lọ́wọ́. Ìyá àgbà kan tí ń ta àgbàdo ló dá a lóhùn pé, "Ọmọ mi, ọ̀dà tí wọ́n fà sára ilé wọn, ṣé àwọ̀ rẹ̀ yàtọ̀ sí ti ilé tìrẹ?" Ọ̀rọ̀ náà parí síbẹ̀.

Ó yẹ kí a mọ ìyàtọ̀ àwọn ènìyàn wọ̀nyí, nítorí pé ẹnu ọlọ́pàá àti ti òṣìṣẹ́ ìjọba máa ń kó gbogbo wọn pọ̀. Ègùn kì í ṣe àjèjì ní Èkó. Onílẹ̀ ni wọ́n ní Àgbádárìgì, bí wọ́n tilẹ̀ ní ìbátan ní orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀ tí a fi ààlà pín níyà. Ọmọ Nàìjíríà tí ogun tàbí omíyalé lé láti ìpínlẹ̀ kan sí òmíràn ṣì jẹ́ ọmọ Nàìjíríà pẹ̀lú gbogbo ẹ̀tọ́ rẹ̀, àdéhùn tí àwọn orílẹ̀-èdè Áfíríkà ṣe ní Kampala ní ọdún 2009, tí Nàìjíríà fọwọ́ sí ní ọdún 2012, sì dáàbò bo irú wọn. Ọmọ orílẹ̀-èdè tí ó wà nínú ECOWAS, ẹgbẹ́ àwọn orílẹ̀-èdè Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, lè wọlé láìní físà, kí ó sì gbé fún àádọ́rùn-ún ọjọ́. Ogúnléndé tí ó sá wá láti òkèèrè wà lábẹ́ òfin tí ìjọba àpapọ̀ ṣe ní ọdún 1989, èyí tí ó sọ pé a kò gbọdọ̀ dá a padà sí ibi tí ẹ̀mí rẹ̀ ti wà nínú ewu.

Ìwé òfin orílẹ̀-èdè fúnra rẹ̀ ṣọ́ ọ̀rọ̀ lò. Abala 34 lórí iyì ọmọ ènìyàn, abala 35 lórí òmìnira ara, abala 39 lórí ọ̀rọ̀ sísọ àti abala 40 lórí pípéjọ, gbogbo wọn ni ó dárúkọ olúkúlùkù ènìyàn láìbéèrè ibi tí a ti bí i. Abala 43, tí ó sọ ẹ̀tọ́ láti ní ilé àti ilẹ̀, ni ó dárúkọ ọmọ Nàìjíríà nìkan. Nítorí náà, ogúnléndé lè wọ́de pẹ̀lú yín, ó sì lè bẹ kóòtù pé kí wọ́n má fi ìyà jẹ òun, ṣùgbọ́n kí lọ́yà yín má kọ orúkọ rẹ̀ mọ́ ti àwọn tí ń béèrè ẹ̀tọ́ onílẹ̀. Ẹ jẹ́ kí òun fúnra rẹ̀ pinnu bóyá yóò jáde. Bí ó bá jáde, ẹ má fi í síwájú, kí ó sì ní fọtokọ́pì káàdì rẹ̀ lápò, kí ojúlówó wà nílé ẹni tí ó fọkàn tán. Nínú ẹ̀dà ìwé tí ẹ óò fún ìjọba, ẹ má kọ ìlú tí ẹnikẹ́ni ti wá. Iye ènìyàn àti ọdún tí wọ́n ti gbé ibẹ̀ tó.

Ẹ gba kóòtù lọ kí ẹ tó bọ́ sójú títì

Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé ó di ìgbà tí wọ́n bá wólé tán kí a tó lè pẹjọ́. Kò rí bẹ́ẹ̀. Abala 46 nínú ìwé òfin orílẹ̀-èdè sọ pé ẹni tí wọ́n ti tẹ ẹ̀tọ́ rẹ̀ lójú, tàbí tí wọ́n ń tẹ̀ ẹ́ lójú lọ́wọ́, tàbí tí ó hàn pé wọ́n fẹ́ tẹ̀ ẹ́ lójú, lè lọ sí Ilé-ẹjọ́ Gíga. Ìlànà tí wọ́n ṣe ní ọdún 2009 fún ẹjọ́ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn tún fàyè gba kí ẹnì kan tàbí ẹgbẹ́ kan pẹjọ́ nítorí àwọn ẹlòmíràn. Ẹ wá lọ́yà nípasẹ̀ ẹ̀ka ẹgbẹ́ àwọn agbẹjọ́rò ní Ìkòròdú, tàbí kí ẹ lọ sí Legal Aid Council, tí ó jẹ́ ti ìjọba àpapọ̀, tí ó sì ń ṣojú fún ẹni tí kò lówó. Bí ẹjọ́ bá ti wà nílẹ̀, kí nọ́ńbà rẹ̀ hàn lórí gbogbo ìwé àti pátákó tí ẹ óò gbé.

Ìwé sí ọlọ́pàá: ìfilọ̀ ni, kì í ṣe ẹ̀bẹ̀

Ibi yìí ni ẹ̀rù ti máa ń bà wá jù. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, ọlọ́pàá a máa sọ pé ẹni tí kò gba àṣẹ kò gbọdọ̀ wọ́de, wọn a sì gbé e lé Òfin Ìtòlẹ́sẹẹsẹ Ìlú ti ọdún 1979. Ní ọdún 2007, Ilé-ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn dá a, nínú ẹjọ́ ọ̀gá àgbà ọlọ́pàá àti ẹgbẹ́ òṣèlú ANPP, pé gbígba àṣẹ bẹ́ẹ̀ kò bá ìwé òfin mu. Òfin Ọlọ́pàá ti ọdún 2020 wá sọ ọ́ yékéyéké ní abala 83 pé bí ẹnikẹ́ni tàbí ẹgbẹ́ kan bá ti fi tó ọlọ́pàá létí pé òun fẹ́ péjọ tàbí wọ́de ní gbangba, ọ̀gá ọlọ́pàá àgbègbè náà gbọ́dọ̀ pèsè àwọn tí yóò dáàbò bò wọ́n. Síbẹ̀, ẹ kọ ìwé náà, ẹ sì kọ ọ́ pẹ̀lú ọ̀wọ̀. Irú èyí ni tiwa:

"Sí Ọ̀gá Ọlọ́pàá Àgbègbè. Ẹ kú iṣẹ́ ìlú, sà. Àwa ará àdúgbò tí orúkọ wa wà nísàlẹ̀ fi ìwé yìí sọ fún yín pé a ó wọ́de ní ìrọ̀rùn ní ọjọ́ Wẹ́sìdeè tí ń bọ̀, láti aago mẹ́sàn-án òwúrọ̀ sí aago méjìlá ọ̀sán, láti ẹnu ọ̀nà àdúgbò wa títí dé sẹkitéríàtì kánsù, níbi tí a ó ti fi ìwé ẹ̀hónú wa lé alága lọ́wọ́. Nǹkan bí igba ènìyàn ni a retí. A kò ní dí ojú títì, a kò sì ní gbé ohun ìjà kankan. Àwọn ẹni ogún tí ó wọ fìlà funfun ni ẹ̀ṣọ́ wa. Ní ìbámu pẹ̀lú abala 83 nínú Òfin Ọlọ́pàá ti ọdún 2020, a bẹ yín pé kí ẹ fún wa ní ààbò. Ẹni mẹ́ta tí ẹ lè pè nìyí."

Ẹ tẹ ẹ̀dà méjì, kí wọ́n lu òǹtẹ̀ àti ọjọ́ mọ́ tiyín. Kí ẹni mẹ́ta gbé e lọ: àgbà kan tí Bàálẹ̀ rán, obìnrin kan láti inú ọjà, àti ọ̀dọ́ kan tí ó mọ òfin náà sọ. Ọ̀gá ọlọ́pàá tí a bá níbẹ̀ sọ fún wa pé, "Bàbá, mi ò tíì fún yín láṣẹ o." Bàbá wa dá a lóhùn pé, "Ọ̀gá, ẹ ṣeun. Ìfilọ̀ la mú wá, sà. Òǹtẹ̀ yín nìkan la fẹ́." Wọ́n lù ú. Bí wọ́n bá kọ̀ ọ́ fún yín, ẹ fi ìwé náà ránṣẹ́ nípasẹ̀ lọ́yà, kí ẹ sì tọ́jú ẹ̀rí pé ó dé ọ̀dọ̀ wọn. Ẹ fi ẹ̀dà kan ránṣẹ́ sí ààfin Ayángbúrẹ̀n tàbí ti ọba ìlú yín, nítorí ọba tí a kò fi tó létí lè di ẹni tí wọ́n ń lò láti tú yín ká.

Ọjọ́ náà gan-an

Ẹ má dí ojú ọ̀nà Ìkòròdú sí Ṣàgámù, ẹ má sì dá ọkọ̀ dúró ní Ògólóńtọ̀. Ẹni tí ẹ dá dúró kí ó má dé Mile 12 kó ẹrù tí yóò tà kì í ṣe ọ̀tá yín, òun gan-an ni ẹ fẹ́ kí ó bá yín sọ̀rọ̀. Ẹ gba ẹ̀gbẹ́ títì, kí àwọn ẹ̀ṣọ́ wà níwájú, lẹ́yìn àti lẹ́gbẹ̀ẹ́. Ọjọ́ iṣẹ́ ló dára, ní òwúrọ̀, kí ẹni tí yóò gba ìwé yín wà ní ọ́fíìsì.

Ẹni kan ṣoṣo ni kí ó bá oníròyìn sọ̀rọ̀. Kí pátákó yín sọ ohun kan tí aláṣẹ lè ṣe, bíi "Ẹ fi ibi tí a ó kó lọ hàn wá kí ẹ tó wólé", dípò èébú. Ẹni tí ó bá mú igi, òkúta tàbí ìgò dání, kí ẹ̀ṣọ́ gbà á, kí ó sì dá a padà sílé. Ẹni tí a kò mọ̀ rí tí ó bẹ̀rẹ̀ sí í ju nǹkan, ẹ jókòó sílẹ̀ gbogbo yín, ẹ fi òun nìkan sílẹ̀ ní ìdúró, kí fóònù lè yà á. Bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran: kí ẹni mẹ́ta máa ya fídíò láti ọ̀nà jíjìn, kí wọ́n sì máa fi í ránṣẹ́ lójú ẹsẹ̀ sí ẹni tí kò sí níbẹ̀, nítorí wọ́n lè gba fóònù.

Ọmọdé àti aláboyún, ẹ jọ̀ọ́, kí wọ́n dúró nílé. Bí wọ́n bá yin tajútajú, ẹ kọjú sí ibi tí atẹ́gùn ti ń bọ̀, ẹ kúrò níbẹ̀ láìsáré tẹ ara yín mọ́lẹ̀, ẹ fi omi tútù tí ó mọ́ fọ ojú. Ẹ má fọwọ́ ra á, ẹ má sì fi òróró kankan sí i.

Bí wọ́n bá mú ẹnì kan

Kí olúkúlùkù ti kọ nọ́ńbà lọ́yà sí apá rẹ̀ pẹ̀lú bírò kí ó tó kúrò nílé. Ẹni tí wọ́n mú, kí ó sọ orúkọ rẹ̀, kí ó má jà, kí ó sì sọ pé òun yóò sọ̀rọ̀ nígbà tí lọ́yà òun bá dé. Abala 35 nínú ìwé òfin orílẹ̀-èdè fún un ní ẹ̀tọ́ láti dákẹ́. Láàárín wákàtí 24, wọ́n gbọ́dọ̀ kọ ìdí tí wọ́n fi mú un fún un ní èdè tí ó gbọ́, nítorí náà ó lè sọ pé Yorùbá tàbí Ègùn ni òun gbọ́. Níwọ̀n bí kóòtù ti wà ní Ìkòròdú, tí kò sì tó 40 kìlómítà sí àgọ́ ọlọ́pàá kankan níbẹ̀, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òfin fún wọn láti gbé e dé iwájú adájọ́. Òfin Ìpínlẹ̀ Èkó lórí ẹjọ́ ọ̀daràn sọ pé bí ẹnì kan yóò bá jẹ́wọ́ ẹ̀ṣẹ̀, kí wọ́n ya á ní fídíò, tàbí kí lọ́yà wà níbẹ̀ nígbà tí ó ń kọ ọ́.

Wọn kò gbọdọ̀ mú ìyá tàbí àbúrò dípò ẹni tí wọ́n ń wá. Obìnrin ni ó gbọ́dọ̀ yẹ ara obìnrin wò. Ọ̀fẹ́ ni béèlì, obìnrin sì lè ṣe onídùúró. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún ìyá ọmọ pé kí ó lọ pe ọkùnrin wá. Bí wọ́n bá béèrè owó, ẹ ní kí wọ́n kọ rìsíìtì. Bí ó bá jẹ́ ogúnléndé ni wọ́n mú, kí lọ́yà pe àjọ ìjọba tí ń bójú tó ogúnléndé lọ́jọ́ náà gan-an.

Ẹni tí ó bá fara pa, kí ó kọ́kọ́ lọ sí ilé ìwòsàn, kí ó sì gba ìwé dókítà. Nígbà tí ìgbìmọ̀ tí Ìpínlẹ̀ Èkó gbé kalẹ̀ ní oṣù Kẹwàá ọdún 2020 lórí ìwà ìkà àwọn ọlọ́pàá SARS jókòó, ìwé ilé ìwòsàn, fọ́tò àti ẹlẹ́rìí ni àwọn tí wọ́n fìyà jẹ fi gbé ọ̀rọ̀ wọn lẹ́sẹ̀. Ẹ má fọ aṣọ tí ẹ̀jẹ̀ wà lára rẹ̀.

Lẹ́yìn ìwọ́de

Láàárín ọjọ́ mẹ́ta, ẹ padà lọ sí ọ́fíìsì tí ẹ kó ìwé lọ, kí ẹ béèrè èsì, kí ẹ sì kọ orúkọ ẹni tí ó dá yín lóhùn àti ohun tí ó sọ. Bí wọ́n bá pè yín sí ìpàdé, kí ẹni márùn-ún lọ, kí ayálégbé kan wà nínú wọn, kí ẹnikẹ́ni má sì dá lọ rí aláṣẹ kankan lálẹ́. Níbi tí àdúgbò ti sábà ń tú ká nìyẹn. Ohun tí wọ́n bá ṣèlérí, ẹ kọ ọ́ sí lẹ́tà lọ́jọ́ kejì, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí wọn pé bí ó ṣe yé yín nìyẹn.

Ẹ tún ìwé ìkànìyàn ṣe ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kọ̀ọ̀kan, nítorí pé wọ́n ń bímọ, ayálégbé ń kó wọlé, àwọn mìíràn sì ń kó lọ. Kí ẹ̀dà mẹ́ta wà: ọ̀kan lọ́dọ̀ Bàálẹ̀, ọ̀kan lọ́dọ̀ lọ́yà, kí ẹ̀kẹta wà lọ́dọ̀ ẹni tí kò gbé àdúgbò yín, ní ilé tí kò ní ọ̀dà pupa lára.